Apá Kẹrin Ṣáájú Apá Kejì

Ọjọ́ Ajé, 16 oṣù kẹsàn-án

Wọ́n ti gbà! Nígbà tí Ọ̀gá ránṣẹ́ pè mí láàárọ̀, mo rò pé nítorí gọ́ọ̀mù tí mo dà sórí tábìlì wọn lọ́sẹ̀ tó kọjá ni. Mo ti ń to àwíjàre lẹ́nu bí mo ṣe ń gun àtẹ̀gùn. Àṣé ìròyìn ayọ̀ ni. Sátidé mẹ́fà gbáko, yàrá òkè ilé ìkàwé wa, aago méjì ọ̀sán sí márùn-ún, fún èmi àti àwọn tí kò ríran tó máa ń wá yá ìwé àfọwọ́kà lọ́dọ̀ wa. Fíìmù la ó máa wò. Wọ́n á máa gbọ́ ọ, èmi á máa fẹnu sọ ohun tí ojú ń rí.

"Mo fún ẹ láyè o," Ọ̀gá ní, "ṣùgbọ́n mi ò fẹ́ ariwo."

Fíìmù ajalèlókun, tí kò ní í láriwo! Mo ní ẹ ṣé mà, mo sì yára jáde kí wọ́n tó rò ó lẹ́ẹ̀kejì.

Ọjọ́ Ìṣẹ́gun, 17

Láti ibi iṣẹ́, ilé Bọ̀ọ̀dá mi ni mo gbà lọ. Òjò pa mí dé ibẹ̀. Kí n má purọ́ fún ìwé ara mi: nítorí tiwọn ni mo ṣe bẹ Ọ̀gá fún oṣù mẹ́ta. Ọdún méjì rèé tí ojú wọn ti lọ, wọn ò sì tíì kọjá géètì ilé yẹn látìgbà náà. Gbẹ́nàgbẹ́nà tó kan ìdajì ilẹ̀kùn àdúgbò! Rédíò nìkan ló kù tí wọ́n ń bá jà. Láti àárọ̀ ṣúlẹ̀ ni wọ́n ń bú àwọn atọ́kùn ètò.

Mo ní kí wọ́n wá wo fíìmù.

"Ojú wo ni n ó fi wò ó?"

"Ẹnu mi, Bọ̀ọ̀dá."

"Ẹnu ẹ yẹn náà ni mo ti ń sá fún láti kékeré. Ẹnu-ò-sinmi! Rárá."

Ìyàwó wọn ní kí n má dá wọn lóhùn, kí n jókòó jẹun. Mo jẹun. N kò gbà.

Ọjọ́ Ẹtì, 20

Ó ti bọ́ sí i! Ìrọ̀lẹ́ mẹ́rin léra ni mo fi dààmú wọn. Ó sú wọn.

"Ẹ̀ẹ̀kan ṣoṣo," wọ́n ní. "Tí mo bá ti lọ lẹ́ẹ̀kan, o ò ní í bẹ̀ mí mọ́ títí láé. Ṣé o gbà?"

Mo ti gbà kí n tó mọ ohun tí mo gbà. Ìgbà tí mo jókòó sínú bọ́ọ̀sì tán ni orí mi tó wálẹ̀. Ẹ̀ẹ̀kan! Nínú fíìmù mẹ́fà, èwo ni n ó fi mú Bọ̀ọ̀dá? Bó bá dùn, bóyá wọ́n á fúnra wọn bèèrè òmíràn. Bí kò bá dùn, ó parí nìyẹn, wọn ò ní í jáde mọ́, rédíò á sì máa gba èébú lọ.

Ọjọ́ Àìkú, 22

Mo to sídì mẹ́fẹ̀ẹ̀fà "Ọkọ̀ Ọ̀sán-Gangan" sórí ibùsùn, mo ń gbé ọ̀kan síwájú, mo ń gbé ọ̀kan sẹ́yìn. Inú mi ń dùn bí ọmọdé. N kò tíì jẹun àárọ̀, ọ̀sán sì ti pọ́n.

Bí wọ́n ṣe jáde síta rèé. Apá kìíní: ọ̀gá ọkọ̀ kan tó fi aṣọ bojú ja ọkọ̀ gómìnà lólè, kò sẹ́ni tó mọ̀ ọ́n. Apá kejì: erékùṣù àti wúrà. Apá kẹta: wọ́n mú un, wọ́n gbé e lọ sílé ẹjọ́, ìbòjú bọ́, àfi bí a ṣe rí i pé ìyá oníyọ̀ tó ń ta iyọ̀ fún àwọn sójà létíkun ni! Mo ké lọ́jọ́ tí mo kọ́kọ́ rí ibẹ̀. Ẹni tó jókòó níwájú mi yí padà, ó bú mi. Apá kẹrin padà sẹ́yìn, sí ìgbà tí ìyá yẹn ṣì jẹ́ ọmọge. Apá karùn-ún, ìjì. Apá kẹfà, ó ti darúgbó, òun nìkan ń tukọ̀ lọ sílé. Odindi ìṣẹ́jú mẹ́tàlélógún, ẹnikẹ́ni kò sọ̀rọ̀.

Ẹni tó bá fẹ́ kí ìtàn náà tẹ̀ lé ọjọ́ orí ìyá oníyọ̀ á bẹ̀rẹ̀ láti apá kẹrin. Mo rò ó títí. Ṣùgbọ́n apá kẹrin á tú àṣírí lójú ẹsẹ̀, kí ni yóò wá kù fún apá kẹta? Rárá o. Bí wọ́n ṣe jáde la ó ṣe wò wọ́n. Àṣírí ìbòjú yẹn ni n ó fi fa Bọ̀ọ̀dá: wọ́n á gbọ́ apá kìíní, wọ́n á fẹ́ mọ ẹni tó jẹ́, wọn ò ní í lè sùn. Ìwọ̀ rèé, ẹja ló kù.

Ọjọ́ Ẹtì, 27

Mo ti lu ìkéde àfọwọ́kà mẹ́rìnlélógún, orúkọ fíìmù kọ̀ọ̀kan pẹ̀lú ọjọ́ rẹ̀, àmì kọ̀ọ̀kan pẹ̀lú ọwọ́. Ìka mi wú. Bébà tó nípọn tún ti gbówó lórí. Ẹni tó ń tà á ní kí n má bi òun, kí n lọ bi àwọn tó ń ṣe é. Ẹni tó bá ní kí n yí àtòkọ yìí padà, kó kọ́kọ́ wá ìka míì fún mi.

Ọjọ́ Ìṣẹ́gun, 1 oṣù kẹwàá

Mo ń kọ́ ẹnu mi. Bí wọ́n bá ń sọ̀rọ̀ nínú fíìmù, mo gbọ́dọ̀ dákẹ́; bí wọ́n bá dákẹ́, mo ti gbọ́dọ̀ bẹ̀rẹ̀. Àṣírí yẹn ló le jù. Ọ̀gá ọkọ̀ ni mo ń pè ní Ìbòjú, obìnrin etíkun ni mo ń pè ní Ìyá Oníyọ̀, n kò sì jẹ́ kí ọ̀kan fara kan èkejì. Mo tiẹ̀ ń yí ohùn mi padà bí mo bá dé orí ọ̀kọ̀ọ̀kan wọn, kí ọkàn ẹnikẹ́ni má lọ síbẹ̀. Ọlọ́pàá gan-an ò lè gba ọ̀rọ̀ yẹn lẹ́nu mi.

Ọjọ́ Àbámẹ́ta, 5

Kí ilẹ̀ kúkú lanu, kó gbé mi mì! Ẹ jẹ́ kí n sọ ọ́ bó ṣe ṣẹlẹ̀.

Èèyàn mẹ́rìnlá ló wá. Bọ̀ọ̀dá wọlé, ọwọ́ wọn wà léjìká ìyàwó wọn, wọ́n wọ aṣọ tó dáa, wọ́n le ojú koko bí ẹni tí wọ́n pè wá jẹ́rìí. Mo fi wọ́n jókòó sẹ́gbẹ̀ẹ́ Bàbá Dùùrù, tí wọ́n máa ń lọ láti ilé dé ilé tún dùùrù ṣe, tí wọn kò sì ríran láti ọjọ́ tí wọ́n ti dáyé.

Fíìmù bẹ̀rẹ̀. Ẹnu mi ń lọ geere. Ìyá Oníyọ̀ ta iyọ̀ fún sójà, ó ṣépè fún un nítorí pé ó yọ́wọ́ lé òṣùwọ̀n. Òkun ru. Ìbòjú fò sórí ọkọ̀ gómìnà pẹ̀lú idà, ó gbé ohùn kan jáde, ohùn ńlá bíi pé inú kànga ló ti ń bọ̀: "Ẹ kó gbogbo ohun tẹ́ ẹ ní sílẹ̀!" Mo dákẹ́, kí ẹ̀rù lè bà wọ́n.

Bàbá Dùùrù ní, "Àh-àh. Ìyá oníyọ̀ ni."

Ni gbogbo yàrá bá gbà á: "Òun mà ni!" Obìnrin tíṣà kan tó ti fẹ̀yìn tì, tó jókòó lẹ́yìn, ní, "Mo ti mọ̀ látìgbà tó ti mí sínú. Ó kàn gbé ohùn wálẹ̀ ni. Imú tó ń dún yẹn, ibo ló fẹ́ gbé e sí?"

Ìṣẹ́jú méjìlá! Ohun tí àwọn tó ṣe fíìmù náà fi pamọ́ títí dé apá kẹta, tí èmi fi ọ̀sẹ̀ méjì kọ́ ẹnu láti bò mọ́lẹ̀. Wọ́n faṣọ bo ojú, ta ló bo ohùn? Kò sí ọ̀kan nínú àwa tá a ríran tó ronú kan ibẹ̀ rí. Mo dúró síbẹ̀, ojú tì mí.

Ìgbà náà ni mo gbọ́ ẹ̀rín kan. Bọ̀ọ̀dá ni! Ẹ̀rín wọn ayé ọjọ́un, tó máa ń mi tábìlì. "Ẹnu-ò-sinmi! O mọ̀, o wá fẹ́ fi pamọ́ fún wa!" Wọ́n rẹ́rìn-ín títí wọ́n fi wúkọ́. Ìyàwó wọn bo ẹnu, omi ń bọ́ lójú rẹ̀.

Mo ti ba fíìmù jẹ́, mo sì láyọ̀ débi pé n kò mọ ibi tí mo fi agboòrùn mi sí.

Ọjọ́ Àìkú, 6

Mo sáré lọ sọ́dọ̀ wọn láàárọ̀. N kò tíì kí wọn tán.

"Mo ti lọ," wọ́n ní. "Ẹ̀ẹ̀kan la sọ."

"Ṣé kò dùn ni?"

"Ó dùn. Àdéhùn ni àdéhùn." Wọ́n yí rédíò sókè.

Ó dùn mí dé egungun. Mo gbé báàgì mi. Mo ti dé ẹnu ọ̀nà kí wọ́n tó sọ̀rọ̀ lẹ́yìn mi.

"Kí ló tiẹ̀ ṣe obìnrin yẹn tó fi ń bojú? Ṣé iyọ̀ ò tà ni?"

"Apá kẹrin ló wà, Bọ̀ọ̀dá."

"Apá kẹrin? Ta ló ń to nǹkan báyìí? A ti mọ ẹni tó jẹ́. Èèyàn tó bá ti mọ olè, ohun tó sọ ọ́ di olè ló kù tó máa bèèrè. Ẹ wá fẹ́ ká lọ máa yí kiri ní méjì àti mẹ́ta."

Mo dúró sójú kan. Òótọ́ ọ̀rọ̀! Ojú ni mo fi tò ó. Àwọn tó máa gbọ́ ọ kò ní àṣírí kankan tí wọ́n ń dúró dè. Mo gbé báàgì sílẹ̀, mo jókòó padà. Mo ní, "Ẹ ràn mí lọ́wọ́ ká tún un tò. Mi ò ní kẹ́ ẹ jáde o. Inú yàrá yín níbí ni."

"Ìyẹn ò sí nínú àdéhùn." Wọ́n yí rédíò wálẹ̀. "Gbé e wá lọ́jọ́ Ìṣẹ́gun."

Ọjọ́ Ìṣẹ́gun, 8

Mo gbé kọ̀ǹpútà lọ, apá kẹrin ló wà nínú rẹ̀. Bí mo ṣe lanu pé kí n máa ṣàlàyé, wọ́n ní kí n pa ẹnu mi dé. Wọ́n ní kí ìyàwó wọn fi táwẹ́ẹ̀lì bo ojú kọ̀ǹpútà. "Ìwọ náà, gbọ́ ọ bá a ṣe ń gbọ́ ọ."

Mi ò tíì lo ìṣẹ́jú márùn-ún tí mo fi sọnù. Ariwo lásán ni mo ń gbọ́. Bọ̀ọ̀dá ló ń kà á fún mi bí ẹni ń ka ìwé: "Ilẹ̀kùn nìyẹn. Igi líle ni, àgbékọ́ rẹ̀ ti òkè ti jẹ. Ẹni tó wọlé yẹn ń tiro. Wọ́n ti sọ̀ kalẹ̀ sí ìsàlẹ̀ ọkọ̀ báyìí, ṣé o ò gbọ́ pákó tó ń ké lókè wọn?" Mo rọra ká etí táwẹ́ẹ̀lì sókè, mo yọjú. Ilẹ̀kùn rèé, ẹni tó ń tiro rèé, ìsàlẹ̀ ọkọ̀ rèé!

"O ń yọjú," wọ́n ní.

N kò mọ bí wọ́n ṣe mọ̀. Ìyàwó wọn fi mí rẹ́rìn-ín títí tó fi jókòó sílẹ̀.

Apá kẹrin ló kàn. Ìka mi, ẹ pẹ̀lẹ́ o: mẹ́rìnlélógún míì.

Ọjọ́bọ̀, 10

Ọ̀gá ti rí ìkéde tuntun lẹ́nu ọ̀nà. Wọ́n mú sídì méjì dání, wọ́n ń fi ìka lu nọ́ńbà ẹ̀yìn wọn.

"Nílé ìkàwé, ǹjẹ́ o ti rí ibi tí mẹ́rin ti ṣáájú méjì rí?"

"Ọdún mọ́kànlélógún ni mo ti ń to ìwé níbí, mà. Mi ò rí i rí."

"Kí ló wá dé?"

"Etí ló tò ó, mà."

Wọ́n wò mí títí. Wọ́n gbé nọ́ńbà mẹ́rin sórí nọ́ńbà méjì lórí tábìlì mi, wọ́n jáde, wọ́n padà wá, wọ́n tún un tò bó ṣe yẹ, wọ́n tún jáde.

Ọjọ́ Àbámẹ́ta, 12

Èèyàn mọ́kàndínlógún! Ó ṣiṣẹ́, ó ṣiṣẹ́, ó ṣiṣẹ́! Nígbà tí àwọn sójà gba ọkọ̀ bàbá ọmọge náà, tí ó fa aṣọ ọrùn rẹ̀ ya láti fi bojú nígbà àkọ́kọ́, tíṣà tó jókòó lẹ́yìn lu orúnkún: "Bojú, ọmọ mi! Bojú, jàre!" Kò sẹ́ni tó bèèrè apá kejì lọ́wọ́ mi.

Àga tó wà lẹ́gbẹ̀ẹ́ Bàbá Dùùrù ṣófo. Wọ́n fọwọ́ kàn án.

"Ọkùnrin tó ń rẹ́rìn-ín ọjọ́sí dà?"

"Wọ́n wà nílé."

"Ara wọn ò yá?"

"Ara wọn yá, Bàbá. Orí wọn ló le."

"Àdúgbò wo ni ilé wọn?" Mo sọ fún wọn.

Ọjọ́rú, 16

Bọ̀ọ̀dá ní kí n sọ bí gbogbo rẹ̀ ṣe lọ, ibi tí wọ́n ti rẹ́rìn-ín, ibi tí wọ́n ti kẹ́dùn, ta ló sọ kí ni. Wákàtí kan gbáko. Rédíò wà ní pípa, èmi nìkan ló kíyè sí i.

Lẹ́yìn ìyẹn a gbọ́ apá kẹfà. Oorun fẹ́rẹ̀ẹ́ gbé mi lọ ní ibi ìṣẹ́jú mẹ́tàlélógún yẹn. Wọ́n ní kí n dá a padà. A gbọ́ ọ nígbà mẹ́ta. Ní ìgbà kẹta, wọ́n ti fẹ́rẹ̀ẹ́ fi etí kan kọ̀ǹpútà, ìka wọn ń rìn lórí apá àga bíi pé wọ́n ń wá ìṣó.

Ọjọ́ Àbámẹ́ta, 19

Apá kejì. Wọ́n gbẹ́lẹ̀, wọ́n gbẹ́lẹ̀, wọ́n rí wúrà. Ẹni méjì sùn, ọ̀kan hanrun. Bàbá Dùùrù, tí wọ́n bẹ̀ mí fún un nítorí orin inú rẹ̀, nìkan ló gbádùn.

Ọjọ́ Àbámẹ́ta, 26

Ilé ẹjọ́. Mo ní, "Ìbòjú bọ́!" Gbogbo wọn pa ohùn pọ̀: "A mọ̀ ọ́n!" Ẹ̀rín sọ. Lẹ́yìn náà ni yàrá dákẹ́ lójijì, torí pé kì í ṣe ẹni tó jẹ́ ni wọ́n ń dúró dè, ohun tó máa sọ ni. Ó sì sọ̀rọ̀. Ó ní ọkọ̀ bàbá òun ni òun ń wá, ẹ̀ẹ̀kan ṣoṣo ni òun ì bá jalè bó bá jẹ́ pé ẹ̀ẹ̀kan ni wọ́n gba nǹkan lọ́wọ́ àwọn. Èmi tí mo ti wo ibẹ̀ nígbà mẹ́sàn-án, n kò gbọ́ ọ̀rọ̀ yẹn rí. Ojú rẹ̀ ni mo máa ń wò.

Ta ní í sọ pé ọ̀nà kan ṣoṣo ló wà láti to nǹkan? Mo fẹ́ pariwo rẹ̀ nínú bọ́ọ̀sì.

Ọjọ́ Ìṣẹ́gun, 29

Ìjà dé. Ó ku méjì: apá karùn-ún àti apá kẹfà. Mo ní ká fi ìjì parí rẹ̀, ààrá, ìbọn, òpó ọkọ̀ tó ń ṣẹ́, kí yàrá gbóná. Bọ̀ọ̀dá ní rárá, ìdákẹ́jẹ́ẹ́ ló máa kẹ́yìn. Mo ní àwọn èèyàn á sùn. Wọ́n ní èmi ni mo sùn. Ohùn mi ròkè, tiwọn náà ròkè, ìyàwó wọn ti fèrèsé.

Ni ẹnu mi bá já. Mo ní, "Ẹ̀yin tẹ́ ẹ ò ní í wá síbẹ̀, kí ló kàn yín nínú èyí tó máa kẹ́yìn?"

Wọ́n na ọwọ́, wọ́n wá rédíò, wọ́n tàn án.

Mo sunkún nínú bọ́ọ̀sì, obìnrin kan jẹ́ kí n sun ún díẹ̀ kó tó bi mí bóyá ẹnìkan ló kú. Mo ní rárá, ẹnu mi ni.

Ọjọ́bọ̀, 31

Ìyàwó Bọ̀ọ̀dá pè mí lórí fóònù. Ohùn rẹ̀ rẹlẹ̀, bíi pé wọ́n dúró tì í.

"Àǹtí, wọ́n ní kí n sọ fún yín pé ẹni tó ti gbé inú ilé kan pẹ́, kò sẹ́ni tó ń pe orúkọ ilẹ̀kùn fún un. Wọ́n ní tó bá fi máa di Sátidé kẹfà, àwọn èèyàn yín á ti mọ ọkọ̀ yẹn bí ilé ara wọn. Ìgbà yẹn ni kẹ́ ẹ jẹ́ kó dákẹ́."

"Wọ́n ti dárí jì mí?"

Mo gbọ́ tí ẹnìkan ń sọ̀rọ̀ lẹ́yìn rẹ̀. "Wọ́n ní àwọn ò bá yín sọ̀rọ̀ o, ọ̀rọ̀ fíìmù ni àwọn ń sọ."

Mo gbà. Òótọ́ ni wọ́n sọ, ó sì ń bí mi nínú.

Ọjọ́ Àbámẹ́ta, 2 oṣù kọkànlá

ÌJÌ! Èèyàn mẹ́tàlélógún! Òjò gidi ń lu òrùlé bí ti inú fíìmù ṣe ń lu ọkọ̀, n kò mọ èyí tí mo ń sọ mọ́. Nígbà tí òpó ọkọ̀ ṣẹ́, tíṣà di ẹni tó wà níwájú rẹ̀ mú lọ́rùn. Àwọn tó ń kàwé nísàlẹ̀ gun òkè wá wò bóyá òrùlé ló ń wó. Ọ̀gá náà wá, ojú wọn pọ́n. Mo ní ó ti parí fún mi. Wọ́n dúró lẹ́nu ọ̀nà, wọ́n na ìka sókè láti sọ̀rọ̀, ọkọ̀ sì dojú dé. Ìka yẹn wà lókè títí ọkọ̀ fi dìde padà. Wọ́n wá fa àga kan, wọ́n jókòó.

Àga ẹ̀gbẹ́ Bàbá Dùùrù ṣì ṣófo.

Ọjọ́ Ẹtì, 8

N kò lọ sílé Bọ̀ọ̀dá lọ́sẹ̀ yìí. Ojú ń tì mí. Ọ̀la ló parí. Àwọn ni wọ́n tò ó, àwọn nìkan ni kò ní í gbọ́ ọ.

Ọjọ́ Àbámẹ́ta, 9

Kí n tò ó bó ṣe ṣẹlẹ̀.

Aago kan kọjá ogún ìṣẹ́jú, fóònù dún. Ìyàwó Bọ̀ọ̀dá ni, ó ń ké. "Àǹtí! Wọn ò sí nílé! Mo wẹ̀, mo jáde, géètì ló ṣí sílẹ̀ gbayawu! Wọ́n mú ọ̀pá lọ!"

Mo ju gbogbo nǹkan sílẹ̀, mo já lu àtẹ̀gùn. Òpópónà mẹ́rin ló wà láàárín ilé yẹn àti ibi tí bọ́ọ̀sì ti ń dúró. Ohun búburú gbogbo ni mo ti rò tán kí n tó dé ìsàlẹ̀. Nísàlẹ̀ ni mo ti gbọ́ ọ̀pá méjì tó ń kanlẹ̀, kó, kó, àti àwọn àgbàlagbà méjì tó ń bára wọn jiyàn.

"Mo ní ìyẹn ni ibi tó yẹ ká ti sọ̀."

"Bàbá, bọ́ọ̀sì ò tíì yà nígbà yẹn. Ẹ ò gbọ́ bó ṣe yà ni?"

Bàbá Dùùrù ló lọ mú wọn wá! Àwọn méjèèjì, apá kọ́ apá, òjò ti pa wọ́n, wọ́n tutù rinrin.

"Bọ̀ọ̀dá!" Mo ké débi pé gbogbo ìsàlẹ̀ yíjú.

"Kí lo ń pariwo sí? Ṣebí ilé ìkàwé la wà."

"Ẹ̀ẹ̀kan lẹ sọ."

"Ìyẹn, ìgbádùn ni. Èyí, iṣẹ́ ni mo bá wá. Ẹni tó bá kan àga, ṣé kò ní í jókòó lé e wò ni?"

Mo pe ìyàwó wọn. Ó sunkún, ó bú wọn lórí fóònù, wọ́n ní ẹ máa bínú, wọ́n sì ń rẹ́rìn-ín. Wọ́n gun òkè, wọ́n jókòó sórí àga tó ti ń ṣófo láti Sátidé kejì.

Èèyàn mẹ́tàdínlọ́gbọ̀n, Ọ̀gá náà wà lẹ́nu ọ̀nà. A bẹ̀rẹ̀. Ó ń lọ dáadáa. A dé ibi tí ìyá oníyọ̀ ti rán gbogbo àwọn ọmọ ọkọ̀ rẹ̀ lọ, tó ku òun nìkan. Ìdákẹ́jẹ́ẹ́ bẹ̀rẹ̀. Mo sọ ọ̀rọ̀ bíi mẹ́ta, mẹ́rin. Pọ́! Gílóòbù inú ẹ̀rọ tó ń gbé àwòrán sára ògiri jó. Ògiri di dúdú. Ohùn kò dúró: omi ń lọ, igi ń ké.

Mo dákẹ́. Mo mọ ohun tó wà níbẹ̀, ṣùgbọ́n n kò mọ ibi tá a dé mọ́. Mo ń gbọ́ ariwo lásán, bíi ti abẹ́ táwẹ́ẹ̀lì. Ọ̀gá ti dìde láti ní ká dáwọ́ dúró. Mo wo àwọn èèyàn mi: gbogbo wọn jókòó bí wọ́n ṣe wà, wọ́n tẹ etí sílẹ̀. Kò sí nǹkan kan tó ṣe wọ́n. Èmi àti Ọ̀gá nìkan ni iná kú lé lórí nínú yàrá yẹn.

Bọ̀ọ̀dá ní, "Kí ló dé tó o dákẹ́?"

"Àwòrán ti lọ."

"Ó lọ síbo? Ọkọ̀ ṣì ń lọ." Wọ́n wá gbé ohùn sókè: "Ẹ má mikàn o. Gílóòbù jó. Àwọn tó ń ríran nìkan ló kàn."

Ẹ̀rín gba yàrá. Bọ̀ọ̀dá na ọwọ́ pé kí wọ́n dákẹ́, wọ́n sì bẹ̀rẹ̀ sí í sọ̀rọ̀, wẹ́rẹ́wẹ́rẹ́, sáàárín ohùn igi.

"Ó ń rìn lọ sẹ́yìn ọkọ̀. Ẹsẹ̀ òsì ń dùn ún. Ó ti dúró. Ó ń fọwọ́ pa pákó ẹ̀gbẹ́ ọkọ̀; pákó yẹn ti gbó. Ilẹ̀kùn yàrá rẹ̀ nìyẹn, ẹ rántí, èyí tí àgbékọ́ òkè rẹ̀ jẹ. Látìgbà ọmọge, kò tíì tún un ṣe." Àwọn èèyàn ní hẹ̀n-ẹ́n-hẹ̀n. "Ó wọlé. Ó ń wá àga. Ẹ gbọ́ ọwọ́ rẹ̀ lára tábìlì. Ó ń wá a… ó ti rí i. Ó jókòó."

"Kò ríran mọ́," wọ́n ní. "Kò sọ fún àwọn ọmọ ọkọ̀. Ìdí tó fi ní kí wọ́n máa lọ nìyẹn."

Bàbá Dùùrù ní, "Bẹ́ẹ̀ ni," jẹ́jẹ́.

"Ó ti padà síta. Ó di ìtọ́kọ̀ mú. Afẹ́fẹ́ ń bọ̀ lápá ọ̀tún, ó gbọ́ ọ, ó yí ọkọ̀ sí i. Etíkun nìyẹn, omi ń fọ́ lára òkúta. Ó jìnnà díẹ̀ sí i. Ó mọ ibi tó ń lọ."

Bẹ́ẹ̀ ni wọ́n ṣe gbé e dé èbúté. Nígbà tí orin dún, àtẹ́wọ́ ròkè débi tí Ọ̀gá fi ti ilẹ̀kùn, àwọn náà sì wà nínú yàrá, wọ́n ń pàtẹ́wọ́.

Mo délé, mo fi sídì sínú ẹ̀rọ, mo wo ibẹ̀. Òótọ́ ni. Ọwọ́ ìyá náà wá àga kó tó jókòó. Ojú rẹ̀ kò tẹ̀ lé ọwọ́ rẹ̀ lẹ́ẹ̀kan. Ẹ̀ẹ̀mẹ́wàá ni mo ti rí i, mo rò pé ogbó ni. Mo jókòó síwájú rẹ̀, mo sunkún, inú mi sì dùn ju bí mo ṣe lè kọ ọ́ lọ.

Ọjọ́ Àìkú, 10

Òjò ti dá. Mo gba ilé Bọ̀ọ̀dá lọ kí n lè sọ fún wọn pé mo ti wò ó, pé bí wọ́n ṣe sọ ọ́ gan-an ló rí. Ìyàwó wọn ló ṣí géètì fún mi.

"Wọn ò sí nílé, Àǹtí."

"Ibo ni wọ́n tún lọ?"

"Ilé Bàbá Dùùrù. Nígbà tí wọ́n yà síbẹ̀ lánàá, wọ́n gbọ́ tí ilẹ̀kùn Bàbá ń ké. Wọ́n ní àwọn ò lè fara da irú ẹ̀. Wọ́n gbé òòlù lọ, wọ́n gbé ayùn lọ. Wọ́n ní kí n má sìn wọ́n."

"Ìgbà wo ni wọ́n ní àwọn á dé?"

Ó wo ojú ọ̀nà, ó wò mí. "Wọn ò sọ," ó ní, àwa méjèèjì sì bú sẹ́rìn-ín.